Ọjọ́ Tí Wọ́n Pín Ọgbà Láyíwọlá Ní Ìdí-Igi

Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún Fèyísọ́lá láàárọ̀ ọjọ́ Ìsinmi yẹn pé kí ilẹ̀ tó ṣú, òun á ti jogún bàbá òun, tí bàbá náà yóò sì wà lórí àga níwájú òun tí yóò máa mu ọsàn, ì bá ní kí olúwa rẹ̀ tètè lọ wá ìtọ́jú. Àṣé ọ̀rọ̀ tó ń bọ̀ ju ìyẹn lọ.

Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ṣọ́ọ̀ṣì dé ni. Bàbá Láyíwọlá ní kí gbogbo ọmọ òun jókòó sí pálọ̀ ilé rẹ̀ lẹ́yìn Post Office, ó ní kí wọ́n ti ilẹ̀kùn. Ó nu omi ọsàn lẹ́nu, ó ní, "Mo fẹ́ pín Ọgbà. Ìdí-igi ni mo sì máa fi pín in."

Fèyísọ́lá rẹ́rìn-ín. Ó rò pé àwàdà ni. Nígbà tó wò yíká tó rí i pé òun nìkan ló ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà gan mọ́ ọn lẹ́nu.

Ọgbà ni gbogbo ayé ń pe àwọn ilé-iṣẹ́ tí Bàbá Láyíwọlá kọ́ sórí ilẹ̀ kan ṣoṣo lójú ọ̀nà Asà, tí odi kan yí wọn ká, tí géètì kan ṣoṣo sì wà fún wọn. Nígbà tó kọ́kọ́ ti Ọ̀mù-Àrán dé Ìlọrin, búrẹ́dì nìkan ló ń yan. Ṣùgbọ́n bàbá yìí kì í ṣe ẹni tí ń gbójú lé nǹkan kan. Ọ̀nà kan ò wọ ọjà, ohun tó máa ń wí nìyẹn títí etí àwọn ọmọ fi kún. Nígbà tí ìjọba fòfin de àlìkámà tó ń tòkè òkun bọ̀ lọ́dún 1987, tí àwọn oníbúrẹ́dì ẹgbẹ́ rẹ̀ ń ta ààrò wọn fún ẹni tó ń ra irin àlòkù, ọlọ ni òun lọ rà. Ó ń lọ àgbàdo, ó ń lọ àlìkámà díẹ̀ tó bá rí rà láti òkè Ọya, ó sì ń pò wọ́n mọ́ra. Fùláwà tó bá jáde lọ́lọ, ihò kan wà lára ògiri tí wọ́n ń gbà tì í bọ́ sọ́dọ̀ àwọn tó ń yan búrẹ́dì. Eèrí tó bá kù di oúnjẹ adìẹ. Búrẹ́dì tó bá jóná, adìẹ náà ló ń jẹ ẹ́. Ilé-iṣẹ́ kẹrin ń ṣe ọ̀rá tí wọ́n fi ń wé búrẹ́dì, àwọn ọkọ̀ akẹ́rù sì ń kó gbogbo rẹ̀ lọ sí Ọjà Tuntun, sí Ọjà-Ọba, títí dé Ọ̀fà. Jẹnẹrétọ̀ ńlá kan tí ń bú ramúramù lẹ́yìn ọlọ ló ń fún gbogbo wọn níná, nítorí ẹni tó bá gbọ́kàn lé NEPA, ebi ló máa pa á.

Ohun tó so Ọgbà pọ̀ ju odi lọ ni ohun tí wọ́n ń pè ní iye ará-ilé. Bí ọlọ bá ń ta fùláwà fún búrẹ́dì, tàbí tí ilé ọ̀rá ń ta ọ̀rá fún un, wọn kì í jèrè lára wọn. Iye tí nǹkan náà bá ná wọn ni wọ́n ń tà á. Ẹni tó bá wà lẹ́yìn géètì ló ń san iye ará-ìta. Ọmọ tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ wọṣẹ́ ní Ọgbà, ẹ̀kọ́ tí wọ́n máa kọ́kọ́ kọ́ ọ nìyẹn.

Ọgbà yìí kan náà ni Bàbá ní òun fẹ́ fi ìdí-igi pín, bí ẹní pín oko kòkó. Gbogbo wa la mọ bí ìdí-igi ṣe ń rí: ìyàwó ni wọ́n ń kà níbẹ̀, wọn kì í ka ọmọ. Ìyàwó méjì ni Bàbá Láyíwọlá fẹ́, ìdí nìyẹn tí ṣọ́ọ̀ṣì fi gba owó rẹ̀ kan òrùlé tí wọn ò sì fi í jẹ díákónì. Fèyísọ́lá nìkan ni ìyáálé bí kó tó kú. Àbẹ̀ní, ìyàwó kejì, bí mẹ́rin, Ẹniọlá sì ni àgbà wọn. Igi méjì, ìpín méjì.

"Ọ̀rẹ́ mi kan kú ní Ọ̀fà," ni Bàbá wí. "Àwọn ọmọ rẹ̀ gbé ara wọn lọ kóòtù, adájọ́ fi àgádágodo sẹ́nu ọ̀nà ilé-iṣẹ́ rẹ̀. Ewúrẹ́ ló ń bímọ síbẹ̀ báyìí. Tèmi ò ní rí bẹ́ẹ̀. Ojú mi ni màá fi pín in." Ó na ọwọ́ sí Fèyísọ́lá. "Fèyí ló ni ọlọ àti iná." Ó na ọwọ́ sápá kejì. "Ẹniọlá àti àwọn àbúrò rẹ̀ ló ni búrẹ́dì, ọ̀rá, oúnjẹ adìẹ àti ọkọ̀. Ẹ ò rí ọgbọ́n tó wà níbẹ̀? Ọlọ ò rí ẹni ta fùláwà fún bí kò sí búrẹ́dì. Búrẹ́dì ò rí fùláwà, kò sì rí iná bí kò sí Fèyí. Mo ti fi okùn kan so yín mọ́ra. Ẹni tó bá fẹ́ ya kò ní lè ya."

Inú rẹ̀ dùn sí ọgbọ́n yìí débi pé ó tún mú ọsàn mìíràn.

Fèyísọ́lá kò bìkítà nípa èyí tó kàn án. Ohun kan ṣoṣo tó ń fẹ́ láti ọjọ́ tí wọ́n ti fi í ṣe ọ̀gá lọ́lọ ni pé kí Ọgbà wà ní ọ̀kan, kí ó má tú ká lójú bàbá òun. Ó kúnlẹ̀. "Bàbá, ẹ dákun. Ọgbà kì í ṣe ilẹ̀ tí èèyàn lè gbin pèrègún sí láàárín pé ààlà nìyí. Ẹ jẹ́ ká jọ ni gbogbo rẹ̀, kí ẹnì kan máa darí ẹ̀."

"Ta ni ó máa darí ẹ̀?"

Oníkálukú ń wo àjà. Fèyísọ́lá mọ ẹni tó yẹ, ṣùgbọ́n bó bá ti lanu pe orúkọ ara rẹ̀, ilé á gbọ́, ọ̀nà á gbọ́, wọ́n á ní ojúkòkòrò ló ń ṣe ọmọ anìkanjogún. Ó dákẹ́. Ẹniọlá ni kò dákẹ́. Ọmọkùnrin náà, tó lọ kàwé okòwò lókè òkun, ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja kí àwọn yòókù tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀. "Ẹ ṣeun, sà. Ẹ̀mí yín á gùn, sà." Bàbá gbàdúrà lé e lórí. Ìdọ̀bálẹ̀ kì í ṣe ìwà, gbogbo wọn ló sì mọ̀ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ta ni í bá ọmọ tó dọ̀bálẹ̀ fún bàbá rẹ̀ jà?

Ní ìbẹ̀rẹ̀, okùn Bàbá dì wọ́n mú lóòótọ́. Fùláwà ń gba ihò kọjá, iná ń tàn, owó ará-ilé ni wọ́n ń san fún ara wọn. Àfi ìgbà tí epo dísù wọ́n lọ́jà, tí àwọn ọkọ̀ ń sùn sí ilé epo di ọjọ́ kejì. Fèyísọ́lá ló ń wá epo tí jẹnẹrétọ̀ ń mu, òun náà ló ń sanwó rẹ̀ ní iyekíye tí wọ́n bá pè é. Ó lọ bá Ẹniọlá pé kó jẹ́ kí wọ́n jọ gbé ẹrù náà.

Ẹniọlá ò tiẹ̀ dìde lórí àga. "Àǹtí mi, iná tiyín ni. Bàbá ló pín in. Ṣé mo máa ń ní kẹ́ ẹ wá bá mi ra táyà lọ́ọ̀rì ni?"

Inú bí Fèyísọ́lá. Ó bí i débi pé kò délé kó tó sọ ohun tó fẹ́ sọ. Ojú ọ̀nà ilé búrẹ́dì ló dúró sí, ó sì ké sí gbogbo àwọn tó ń po ìyẹ̀fun níbẹ̀. "Ẹ gbọ́ o! Láti òní lọ, iye ará-ìta lẹ ó máa san fún iná mi!"

Mọ̀múdù, ọmọ Ìlọrin tó jẹ́ olórí àwọn tó ń yan búrẹ́dì, ẹni tí irun ti funfun sí lára nídìí ààrò náà, gbé ọwọ́ méjèèjì lérí. "Àsìtàgàfúrúlà! Màdáámú, ará-ìta kẹ̀? Ẹ ní owó iná ti wọ́n. Ẹ ní kí wọ́n fi kún un. Ẹ má pè é bẹ́ẹ̀, ẹ jọ̀ọ́."

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ti bọ́. Láti ọjọ́ tí Ọgbà ti wà, kò sẹ́ni tó pe ẹlòmíràn nínú odi yẹn ní ará-ìta rí. Fèyísọ́lá fúnra rẹ̀ gbọ́ bó ṣe dún, ó sì dùn ún, àmọ́ ìgbéraga ò jẹ́ kó kó o padà.

Kò pẹ́ tí lọ́ọ̀rì kan fi gbé jẹnẹrétọ̀ tuntun wọ géètì, ojú ilé búrẹ́dì ló sì já a sí. Ìjọba ti gbẹ́sẹ̀ kúrò lórí àlìkámà nígbà náà, fùláwà funfun láti Èkó ti kún ọjà. Fèyísọ́lá ń dá ara rẹ̀ nínú dùn pé Ẹniọlá ń fi ìyẹn halẹ̀ lásán ni. Ó wọ inú ọlọ ní àárọ̀ Ọjọ́ Ajé kan, ó rí àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ tí wọ́n dúró bí ẹni tó ń ṣọ́ òkú. Wọ́n ti fi búlọ́ọ̀kù dí ihò ara ògiri. Fèyísọ́lá fi ọwọ́ kan sìmẹ́ńtì náà. Ó ṣì tutù. Ó dúró síbẹ̀ pẹ̀lú sìmẹ́ńtì lọ́wọ́.

Kò sọ fún Bàbá. Ẹ̀jẹ̀ ríru ń bá bàbá jà, dókítà ní wọn ò gbọdọ̀ já a láyà. Ó ń ta àgbàdo lílọ̀ díẹ̀díẹ̀ fún àwọn tó ń wá láti Ọjà-Ọba, ó sì ń rò ó pé bí ọdún bá yí, bí ìbínú bá rọ̀, òun á lọ bá Ẹniọlá, òun á bẹ̀ ẹ́, wọ́n á sì fọ́ búlọ́ọ̀kù yẹn. Bí a bá ń jà, bí i ká kú kọ́.

Ìrètí yẹn ló ń mú un sùn títí di àárọ̀ tí Abdulraheem, tó ń bójú tó jẹnẹrétọ̀ rẹ̀, wọ ọ́fíìsì láì kan ilẹ̀kùn. Ẹni tí ohùn rẹ̀ kì í ròkè ń mí hẹlẹhẹlẹ. "Màdáámú, ẹ jáde wá. Wàláì tàláì, ẹ fi ojú ara yín wò ó, torí tí n bá sọ ọ́, ẹ ẹ́ ní irọ́ ni mò ń pa."

Àwọn àjèjì ló kún iwájú ilé búrẹ́dì. Wọ́n gbé ọkọ̀ tírélà wá, òfìfo. Olórí wọn, ọkùnrin kúkúrú kan tó fi bírò há etí, kí i dáadáa, ó ní ilé-iṣẹ́ búrẹ́dì kan láti ìlú mìíràn ni àwọn, àwọn sì ti ra ibí yìí lọ́wọ́ Ọ̀gbẹ́ni Ẹniọlá.

Ọmọ oníṣòwò ni Fèyísọ́lá, ọpọlọ rẹ̀ ti sáré lọ síbi èrè. Bí ẹlòmíràn bá ra ilé búrẹ́dì, ẹni náà á nílò fùláwà. Bóyá ilé ọba tó jó, ẹwà ló máa bù sí i. Ó gbìyànjú, ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ kú orí ire o. Èmi ni mo ni ọlọ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín yìí. Àpò fùláwà mélòó lẹ máa fẹ́ lọ́sẹ̀?"

Ọkùnrin náà wò ó tàánútàánú. "Mà, a ò fẹ́ yan búrẹ́dì níbí. A ti ń yan tiwa níbòmíràn, ọkọ̀ la ó máa fi kó o wá. Ohun tá a rà ni pé kí ti ibí dákẹ́."

Ó gbọ́ gbogbo ọ̀rọ̀ náà, ọ̀kọ̀ọ̀kan, ṣùgbọ́n kò lè tò wọ́n pọ̀. Kí èèyàn fi owó gidi ra ilé-iṣẹ́ tó ń ṣiṣẹ́ kó lè pa á! Ó ti ń ṣòwò láti kékeré, kò rí irú rẹ̀ rí. Ọ̀gbẹlẹ̀ lè pa ilé-iṣẹ́, ìjọba lè pa á, àwọn ọmọ tó ń jà lè pa á. Ta ló máa ń sanwó kó tó pa á?

Ó dé ilé Bàbá, kò rántí ọ̀nà tó gbà. Bàbá kọ̀, kò gbà á gbọ́. "Ó tà á? Irọ́! Ta ni í ta ogún nígbà tí ẹni tó fi sílẹ̀ ṣì ń jẹun? Èyí tí mo so mọ́ra yẹn? Wọ́n purọ́ fún ẹ ni. Gbé mi lọ síbẹ̀." Fèyísọ́lá bẹ̀ ẹ́ pé kó jókòó jẹ́ẹ́, kó rántí ọ̀rọ̀ dókítà. Bàbá ti wọ bàtà.

Wọn ò tíì dé géètì tí wọ́n fi ń gbọ́ ìró òòlù. Bàbá sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ Píjò ọmọ rẹ̀, ó ń fi ọ̀pá tilẹ̀ lọ síbi ìró náà, Fèyísọ́lá ń sáré tẹ̀ lé e. Nínú eruku tó bo ilé búrẹ́dì, ààrò méjì ti wó lulẹ̀. Àwọn tó ń wó o kì í ṣe àjèjì. Àwọn tó ń yan búrẹ́dì ní Ọgbà ni. Mọ̀múdù ló wà níwájú wọn, ó bọ́ ẹ̀wù, eruku pupa bo irun funfun rẹ̀, ó sì gbé òòlù sókè.

"Mọ̀múdù!" Ohùn Bàbá há. "Ìwọ?"

Òòlù náà rọra wá sílẹ̀. Mọ̀múdù kò lè wo ojú rẹ̀. "Bàbá, wọ́n ní ẹni tó bá bá wọn wó o ni wọ́n máa gbà sídìí búrẹ́dì wọn tó ń bọ̀. Ẹni tí ò bá bá wọn wó o, kó máa lọ ilé ẹ̀. Mo lọ́mọ nílé, Bàbá. Ẹ ṣàánú mi." Omijé ń ya eruku lójú rẹ̀. Ó padà sídìí iṣẹ́.

Ẹniọlá ti ń bọ̀ láti ilé ọ̀rá. Ó fẹ́ dọ̀bálẹ̀, Bàbá na ọ̀pá sí i pé kó dúró níbẹ̀. "Kí ni mo ṣe fún ẹ?"

"Bàbá, ẹ máà bínú, sà. Ọ̀rá ni ayé ń lọ báyìí. Gbogbo ọjà ló ń fi ọ̀rá di omi tútù tà, àwa nìkan ni kò rí i. Owó búrẹ́dì yìí ni màá fi ra ẹ̀rọ ọ̀rá tí kò sí irú rẹ̀ ní gbogbo Kúwárà. Ẹni tó ń ṣe nǹkan márùn-ún, kì í mọ ọ̀kan ṣe délẹ̀."

"Ọ̀nà kan ò wọ ọjà!"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Ṣùgbọ́n èèyàn kan ò lè rìn ní gbogbo ọ̀nà." Ó wo Fèyísọ́lá fún ìgbà àkọ́kọ́. Kì í ṣe ojú ìkà ló fi wò ó, ìyẹn ló sì jẹ́ kó dùn ún jù. "Ká ní a ṣì jẹ́ ará-ilé ni, n kì bá ti dá a rò. Àǹtí ló dúró lójú ọ̀nà yìí, lójú gbogbo òṣìṣẹ́, tí wọ́n ní ará-ìta ni wá. Ará-ìta kì í gba àṣẹ kó tó ta ohun ìní ẹ̀."

Bàbá yíjú sí ọmọbìnrin rẹ̀. Kò pariwo. "Fèyí, ṣé o pè wọ́n bẹ́ẹ̀?"

Fèyísọ́lá ì bá fẹ́ kí ilẹ̀ lanu. "Bẹ́ẹ̀ ni, Bàbá. Ìbínú ni."

Bàbá Láyíwọlá dúró ti ọ̀pá rẹ̀. Fèyísọ́lá ń retí èpè, ó ń retí kó ṣubú, ó tilẹ̀ ti na ọwọ́ láti gbá a mú. Ṣùgbọ́n bàbá náà kò ṣubú. Ó ń wo ọlọ. Ó wò ó láti òkè dé ilẹ̀, bí wọ́n ṣe ń wo màlúù lọ́jà káràá, nígbà tó sì sọ̀rọ̀, ohùn oníṣòwò ló fi sọ̀rọ̀, ohùn tó fi gbé Ọgbà dìde.

"Ọlọ tí kò ní búrẹ́dì, irin lásán ni. Lọ pe ọkùnrin tó fi bírò há etí yẹn wá fún mi. Bi í bóyá wọ́n máa ra ọlọ náà pẹ̀lú, kó tó dógùn-ún."

Fèyísọ́lá rò pé etí òun ló ń dún. Bàbá tó ní kò sẹ́ni tí í ta ogún! Ó wo ẹnu tó ti sọ̀rọ̀ náà, ó ń dúró kó rẹ́rìn-ín, kó ní òun ń dán an wò ni. Bàbá ò rẹ́rìn-ín.

"Rárá," ni Fèyísọ́lá wí.

"Kí lo wí?"

"Mo ní rárá, Bàbá. Ẹ ò lè tà á. Tèmi ni. Ẹ ti pín in."

Kò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà wà nínú òun. Ó fi ọwọ́ bo ẹnu, ó kúnlẹ̀ sínú eruku búlọ́ọ̀kù, ó ń wí pé, "Bàbá, ẹ forí jì mí, kì í ṣe bí mo ṣe fẹ́ wí i nìyẹn." Síbẹ̀ kò ní kí wọ́n tà á. Bàbá wo Ẹniọlá, ó tún wo Fèyísọ́lá, ó tún wo Ẹniọlá, bí ẹni tó ń wá ìyàtọ̀ láàárín ọmọ méjì tí kò sì rí i.

Lẹ́yìn náà, ó pe Abdulraheem pé kó wá gbé òun lọ sílé. Fèyísọ́lá ní, "Bàbá, èmi ni mo gbé yín wá," ṣùgbọ́n bàbá ti ń lọ sídìí ọkọ̀. Abdulraheem wá gba kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó ní kó má ṣèyọnu. Bàbá Láyíwọlá jókòó sẹ́yìn, ó wé gíláàsì sókè, wọ́n sì gba géètì jáde.